Ẹ Dárúkọ Yín Kí Ẹ Tó Kí Mi

Ẹ̀yin tí dókítà ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ fún pé gilókómà ló wà lójú yín, ẹ̀yin ni mò ń bá sọ̀rọ̀. Mo tún ń bá ẹ̀yin tí dókítà kò tíì sọ nǹkan kan fún sọ̀rọ̀, tí àwọn èèyàn sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í sọ pé ẹ ti di agbéraga. Ó yẹ kí n ti kọ ọ̀rọ̀ yìí tipẹ́. Nígbà tí ìyàwó mi wà láyé, òun ló máa ń sọ ọ́ fáwọn èèyàn, ní ṣọ́ọ̀ṣì, nínú ọkọ̀, lórí ìjókòó ilé ìwòsàn. Ó mọ̀ ọ́n sọ jù mí lọ. Kò sí mọ́, n kò sì fẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà bá a lọ.

Olùkọ́ Jógíráfì ni mí ní ilé ẹ̀kọ́ girama kan ní Ìfọ̀n, ṣùgbọ́n ọmọ Ìyẹ̀rè ni mí, lẹ́bàá Ọ̀wọ̀. Fọlákẹ́ ìyàwó mi náà, olùkọ́ ni. Ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ló ti ń ṣiṣẹ́ tirẹ̀, kíláàsì àwọn ọmọ tó jẹ́ akàndá ẹ̀dá ni wọ́n sì fún un: adití, ọmọ tí kò ríran, ọmọ tí ẹsẹ̀ rẹ̀ rọ, ọmọ tí ẹ̀kọ́ kì í tètè yé. Yàrá wọn wà lẹ́yìn pátápátá, nítòsí ilé ìgbẹ́. Ọdọọdún ló ń bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n jẹ́ kí àwọn ọmọ òun máa jókòó pẹ̀lú àwọn yòókù, ọdọọdún ni wọ́n sì ń sọ pé àwọn yóò gbé e yẹ̀ wò. Nígbà tó yá, kò bẹ̀bẹ̀ mọ́. Bí àsìkò orin tàbí ìṣirò bá ti tó, á kó wọn lọ́wọ̀ọ̀wọ́, á mú wọn lọ sẹ́nu ọ̀nà kíláàsì àwọn ẹgbẹ́ wọn, á sì dúró síbẹ̀, á máa rẹ́rìn-ín músẹ́, títí olùkọ́ ibẹ̀ á fi ní kí wọ́n wọlé. Bó bá délé, á máa fi ohùn olùkọ́ kọ̀ọ̀kan sọ ọ́ fún mi, a ó sì jọ máa rẹ́rìn-ín. N kò mọ̀ nígbà náà pé ẹnu ọ̀nà ni yóò bá èmi náà dúró sí.

Èjìká òsì mi ló kọ́kọ́ mọ̀ pé nǹkan ti ṣẹlẹ̀. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í fi gbá òpó ilẹ̀kùn. Bí mo bá ń wọ yàrá, gbà! Bí mo bá ń jáde, gbà! Ojú kò dùn mí, kò pọ́n, kò ṣomi. Mo ń ka ìwé iṣẹ́ àwọn ọmọ láìsí wàhálà kankan.

"Bàbá Tósìn, kí lẹ̀yin àti òpó ilẹ̀kùn yìí ń bára yín jà sí?" ni ìyàwó mi máa ń bi mí. Tósìn ni ọmọbìnrin wa kan ṣoṣo, tó ń ṣiṣẹ́ ní Àkúrẹ́.

"Òun ló kọ́kọ́ lù mí."

"Ẹ dá a padà fún un o. Ṣé ẹ máa gbà á bẹ́ẹ̀?"

Lẹ́yìn náà ni mo ń fẹsẹ̀ gbá korobá omi, tí mo ń yí abọ́ gàárì dànù lórí tábìlì. A kò kà á sí. Ẹni tó bá ti ń sún mọ́ àádọ́ta ọdún, tí iṣẹ́ ń rẹ̀, a máa ṣe bẹ́ẹ̀.

Ìgbà tó kan ọ̀rọ̀ ìkíni ni nǹkan bà jẹ́. Ẹ̀yin náà mọ bó ṣe rí ní agbègbè wa. Bí ọmọdé bá kúnlẹ̀, tí àgbàlagbà kọjá láìdáhùn, wọn yóò bi ara wọn pé kí ni àwọn ṣe fún un. Bí ẹni tó kéré bá kọjá lára àgbà láìkí i, ọ̀rọ̀ á délé. Èmi wá ń kọjá lára gbogbo ayé. Aṣọránṣọ tó wà lápá òsì ọ̀nà ilé ẹ̀kọ́ wa á kúnlẹ̀, n óò kọjá. Olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi á na ọwọ́, ọwọ́ náà á wà lófuurufú. Mo gbọ́ lẹ́yìn ìgbà náà pé àwọn olùkọ́ ń sọ pé, "Ó ti ń retí ipò igbákejì ọ̀gá. Ojú rẹ̀ ti kúrò nílẹ̀."

Ìsìnkú kan ló gbé wa dé Ìyẹ̀rè lọ́dún yẹn. Àbúrò bàbá mi tó dàgbà jù nínú ẹbí jókòó lábẹ́ ìbòrí, láàárín àwọn àna. Bàbá Ọlọ́kọ̀ ni gbogbo wa ń pè é, nítorí pé ó wa ọkọ̀ gẹdú fún ọ̀pọ̀ ọdún kó tó fẹ̀yìn tì. N kò gbọ́ orúkọ rẹ̀ gan-an lẹ́nu ẹnikẹ́ni rí, àfi bí àlùfáà bá ń kà á ní ṣọ́ọ̀ṣì. Mo kọjá níwájú rẹ̀, mo lọ kí àwọn tó wà lápá ọ̀tún, mo dọ̀bálẹ̀ fún wọn, mo sì padà sórí ìjókòó mi. N kò kí i. Kí ọ̀sẹ̀ tó parí, wọ́n ti pe ìpàdé ẹbí.

"O kọjá lára mi bí ọkọ̀ tí kò ní bíréèkì," ni Bàbá Ọlọ́kọ̀ sọ. "Lójú àwọn àna mi."

"Ẹ má bínú, Bàbá. Mi ò rí yín ni."

"O ò rí mi! Èmi tí mo wọ àgbádá funfun, tí mo sanra tó báyìí?"

Àwọn ìyá ẹbí bú sẹ́rìn-ín. Ọ̀kan nínú wọn ní, "Ìwé tó kà ló bò ó lójú." Wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Mo dọ̀bálẹ̀, mo tọrọ àforíjì, wọ́n ní kí n mú obì àti páálí ohun mímu kan wá. Mo mú un wá. Gbogbo àgbà tó wà níbẹ̀, kò sẹ́ni tó béèrè nípa ojú. Èmi gan-an kò ronú kàn án. Mo gbà pé ọkàn mi ló ń lọ, pé kí n máa fiyè sí nǹkan.

Bí a ṣe padà dé ilé wa ní Ìfọ̀n, Fọlákẹ́ lọ sí ilé ìdáná, ó mú orógùn wá.

"Ẹ jókòó. Ẹ máa wo imú mi."

"Kí ló ṣe imú rẹ?"

"Imú tí ẹ bá nílé bàbá mi náà ni. Ẹ ṣáà máa wò ó, ẹ má yíjú. Bí ẹ bá ti rí orógùn yìí, ẹ sọ fún mi."

Ó gbé orógùn náà láti ẹ̀yìn etí mi ọ̀tún bọ̀ wá síwájú díẹ̀díẹ̀. Mo tètè rí i. Ó gbé e gba apá òsì. Mò ń wo imú rẹ̀, mò ń dúró dè é. Mo rò pé kò tíì bẹ̀rẹ̀ ni, àfi bí orí orógùn ṣe yọ síwájú mi gan-an, ó kù díẹ̀ kó kan imú tèmi. Ó tún un ṣe. Ó tún tún un ṣe. Bó ṣe máa ń ṣe fún àwọn ọmọ tuntun tí wọ́n bá mú wá sí kíláàsì rẹ̀ nìyẹn, kó lè mọ ibi tó yẹ kí ọmọ jókòó sí.

"Bàbá Tósìn," ó wí, ohùn rẹ̀ ti yí padà, "apá òsì ni gbogbo àwọn tí ẹ kò kí wà."

A lọ sí ilé ìwòsàn ńlá tó wà ní Ọ̀wọ̀. Bí ẹ kò bá tíì dé irú ibẹ̀ rí, ẹ múra sílẹ̀. Àárọ̀ kùtùkùtù lẹ ó jáde nílé, ẹ ó bá èrò níbẹ̀. Ẹ ó gba káàdì, ẹ ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì gígùn, bí wọ́n bá ti pe ẹni iwájú, gbogbo yín ó sún ìdí. Obìnrin kan láti Ìpele tó jókòó tì mí ní tòun kò jù pé kí aṣọ òun má gbó tán lórí bẹ́ǹṣì kí òun tó rí dókítà. A rẹ́rìn-ín, a sún ìdí. Wọ́n kán oògùn sí mi lójú, wọ́n ní kí n gbé àgbọ̀n lé ẹ̀rọ kan, kí n máa tẹ bọ́tìnnì bí mo bá ti rí iná kékeré. Mò ń dúró de iná. Mo gbọ́ tí ẹ̀rọ náà ń dún, n kò rí iná.

Ọmọ Ìbàdàn ni dókítà náà, ọ̀dọ́mọkùnrin, ó fara balẹ̀. Ó ní omi inú ẹyinjú mi kì í jáde bó ṣe yẹ, pé ó ń ti okùn tó so ojú mọ́ ọpọlọ, okùn náà sì ń kú díẹ̀díẹ̀. Ó ní ojú òsì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ lọ tán, ti ọ̀tún ti bẹ̀rẹ̀.

"Ṣùgbọ́n kò dùn mí," ni mo sọ.

"Kò ní dùn yín, sà. Ìyẹn gan-an ló burú nínú rẹ̀. Ohun tó ti lọ kò ní padà mọ́. Èyí tó kù la máa jọ ṣọ́."

Ó béèrè bóyá ẹnikẹ́ni fọ́jú nínú ẹbí wa. Mo rántí ìyá bàbá mi, tó ń fi ọwọ́ wá ògiri nígbà tí mo wà ní kékeré, tí a sì ń pè é ní ogbó. Dókítà ní kí gbogbo àwọn tí a jọ jẹ́ ẹ̀jẹ̀ kan náà wá ṣe àyẹ̀wò. Mo ránṣẹ́ sí wọn. Kò sẹ́ni tó wá. Èsì Bàbá Ọlọ́kọ̀ ni pé, "Èmi tí mo wa gẹdú dé Kánò láìlo gíláàsì? Kó tọ́jú ojú tirẹ̀."

Wọ́n dá sí ọ̀rọ̀ ojú tèmi, ṣá. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin gbé ìgò omi àlùbọ́sà tí wọ́n pò mọ́ oyin wá, pé kí n máa kán an sójú. Màmá kan ní ṣọ́ọ̀ṣì mú òróró wá. Ẹnì kan dárúkọ omi ọyàn obìnrin tó bí àkọ́bí. Bàbá Ọlọ́kọ̀ ní tòun ni pé funfun tó máa ń bo ojú àwọn àgbà ni, tí wọ́n máa ń yọ, pé kò tíì gbó ni; kí n jáwọ́ nínú oògùn ilé ìwòsàn, kí n jẹ́ kó gbó dáadáa. Ẹ gbọ́ mi lórí èyí. Àìsàn méjèèjì kò jọra. Èyí tó funfun lè dúró dè yín, wọ́n lè yọ ọ́, ẹ ó sì ríran. Tiwa kì í dúró. Ọjọ́ tí ẹ bá fi ń dúró kó gbó, òun ń mú ojú yín lọ. Mo mọ èèyàn méjì ní Ìdóàní tó dúró bẹ́ẹ̀.

Fọlákẹ́ kò bá ẹnikẹ́ni jà. Ó ń gba gbogbo rẹ̀. "Ẹ ṣé gan-an, Àǹtí. Ẹ kú wàhálà wa." Lẹ́yìn tí wọ́n bá lọ, á gbé e sókè àpótí. Àlùbọ́sà tí ẹ̀gbọ́n mi kó wá láti fi ṣe òmíràn, inú ọbẹ̀ ló ń lọ. Oògùn dókítà nìkan ló ń kán sí mi lójú, láàárọ̀ àti nírọ̀lẹ́, á sì fi ìka tẹ igun ojú mi kó má baà ṣàn jáde. Ó ń kọrin lábẹ́ ohùn títí àsìkò á fi pé kó gbé ìka kúrò.

Oògùn náà kò rọrùn láti rà. Ilé tí à ń kọ́ ní Ìyẹ̀rè dúró ní ibi tí ó kan òrùlé, ó ṣì wà níbẹ̀. Wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ fún ojú ọ̀tún, ẹ̀rù bà mí débi pé n kò lè jẹun. Iṣẹ́ abẹ náà dá a dúró fún ìgbà díẹ̀. Nígbà kan, oògùn wọ́n gógó, a kò rí i rà ní Ọ̀wọ̀, Tósìn wá a títí ní Àkúrẹ́, Fọlákẹ́ lọ sí Bìní nítorí rẹ̀. Ọ̀nà yẹn kò dára, ẹ̀rù àwọn ajínigbé sì ń ba gbogbo wa. Ó lọ, ó bọ̀. Síbẹ̀, nígbà tí ọyẹ́ tún fi dé, ojú mi kò lè ka ìwé mọ́. Mo ń rí òjìji èèyàn, mo ń rí fèrèsé. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́ wa pè mí sí ọ́fíìsì. Èèyàn dáadáa ni. Ó ní kí n kọ̀wé pé mo fẹ́ fẹ̀yìn tì nítorí àìlera, kí n lọ sinmi.

"Kí ni mo fẹ́ sinmi sí, Ọ̀gá? Ọ̀rọ̀ ẹnu ni iṣẹ́ mi."

"Jógíráfì ni, Tíṣà. Máàpù ńkọ́?"

Bí wọ́n bá gba kíláàsì lọ́wọ́ mi, àga iwájú ilé ló kù fún mi. Mo ti rí àwọn tó jókòó sórí irú àga bẹ́ẹ̀. Wọn a máa gbọ́ bí àwọn èèyàn ṣe ń kọjá, ẹnikẹ́ni kì í yà. Mo sọ fún Fọlákẹ́ pé n óò kọ̀wé náà. Ó lọ bá káfíńtà, ó gba pátákó pẹlẹbẹ kan, ó jókòó tì í ní gbogbo òpin ọ̀sẹ̀ náà, ó po sítáàṣì bí ẹni tó fẹ́ fi lọ aṣọ. Nígbà tó parí, ó gbé ọwọ́ mi lé e.

"Kí lèyí?"

Okùn ni mo fọwọ́ kàn, ó nípọn, ó ń wọ́ kọ́lọkọ̀lọ. "Ọ̀nà ni."

"Ọ̀nà ibo?"

Mo tẹ̀ lé e. Mo kan ìdérí ìgò, mo mọ̀ pé Ọ̀wọ̀ ni, nítorí pé òun ló tóbi jù. Mo kan hóró ẹ̀wà kan níbi tó yẹ kí Ìfọ̀n wà, hóró àgbàdo kan ní Ìdóàní. Òwú tẹ́ẹ́rẹ́ ni odò Ọ̀sẹ́, òkúta wẹ́wẹ́ ni àwọn òkè. Irú èyí ló ń ṣe fún àwọn ọmọ rẹ̀ tí kò ríran, kí àwọn yòókù lè jọ máa kẹ́kọ̀ọ́ lórí ohun kan náà. Bí mo ṣe ń fọwọ́ wá a kiri ni mo ṣàkíyèsí pé mo ti bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé rẹ̀, bíi pé kíláàsì ni mo wà.

Òun náà ló tọ ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́ lọ. Ó ní kó fún mi títí di òpin ọdún ẹ̀kọ́, kó fetí ara rẹ̀ gbọ́ kó tó pinnu. Ó tún gbàyè láti bá àwọn ọmọ sọ̀rọ̀ nígbà tí wọ́n tò lówùúrọ̀.

"Ẹni tó bá fẹ́ kí Tíṣà," ó sọ fún wọn, "kó kọ́kọ́ dárúkọ ara rẹ̀. Bákan náà ni fún ẹni tó bá ń wọ kíláàsì rẹ̀. Ẹnikẹ́ni tó bá jẹ́."

Ariwo sọ. Ní tiwa, ọmọ kì í dárúkọ ara rẹ̀ fún àgbà bẹ́ẹ̀; ó ń kúnlẹ̀ ni, àgbà á sì wò ó. Àgbà ní tirẹ̀ kì í dárúkọ fún ẹni tó kéré rárá. Ìyẹn ló mú kí àwọn ojúlùmọ̀ máa dúró níwájú mi, kí wọ́n máa bi mí pé, "Ṣé ẹ dá mi mọ̀?" bí ẹni ń ṣeré, tí n óò sì máa wá wọn kiri nínú orí mi. Bí Fọlákẹ́ bá wà nítòsí, á dáhùn fún mi: "Kò dá yín mọ̀. Ẹ dárúkọ." Àwọn kan bínú.

Àwọn ọmọ tètè mọ́ ọn lára. Lọ́sẹ̀ kìíní, ọmọkùnrin kan dárúkọ ọ̀gá ilé ẹ̀kọ́ wọlé. Mo ní, "Ọ̀gá, ohùn yín ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ máa yí ni? Ẹ lọ jókòó." Gbogbo kíláàsì hó. Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti mọ̀ pé n óò lè ṣe é. Ọmọ kọ̀ọ̀kan ń ka iṣẹ́ rẹ̀ sókè fún mi, àwọn yòókù ń sọ ibi tó ti ṣì í, mo ń pe máàkì, akọ̀wé kíláàsì ń kọ ọ́ sílẹ̀. Nígbà tí ọdún ẹ̀kọ́ parí, ọ̀gá kò tún sọ̀rọ̀ ìwé ìfẹ̀yìntì mọ́.

N kò ní sọ púpọ̀ lórí ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn ìyẹn. Orí ń fọ́ Fọlákẹ́, ó ń lo oògùn orí fífọ́, ó ń lọ síṣẹ́. Láàárọ̀ ọjọ́ kan, ó kán oògùn sí mi lójú, ó fi ìka sí igun ojú mi, ó bẹ̀rẹ̀ orin rẹ̀, kò parí rẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ ríru ni wọ́n pè é ní ilé ìwòsàn. Ẹ̀yin tí ẹ ń tọ́jú aláìsàn, ẹ jẹ́ kí wọ́n máa wọn ẹ̀jẹ̀ tiyín náà.

Ìyẹ̀rè la sin ín sí. Àwọn ọmọ kíláàsì rẹ̀ wá. Tósìn sọ fún mi pé àwọn adití fi ọwọ́ kọ orin ìsìnkú lẹ́gbẹ̀ẹ́ àwọn akọrin, lórí ìlà kan náà pẹ̀lú wọn, kò sẹ́ni tó ní kí wọ́n bọ́ sẹ́yìn.

Lẹ́yìn ìsìnkú, Bàbá Ọlọ́kọ̀ pè mí. "Ta ni yóò máa fà ọ́ lọ́wọ́ báyìí? Kọ̀wé, kí o wá jókòó sílé. A ó máa fún ọ lóúnjẹ."

"Bàbá, mo ṣì ń kọ́ wọn."

"Kí ni afọ́jú ń kọ́ ọmọ? Bí ilé ẹ̀kọ́ bá wọlé, tí o ò kọ̀wé, èmi fúnra mi ni yóò gbé ọkọ̀ wá kó ẹrù rẹ."

Ilé ẹ̀kọ́ wọlé, n kò kọ̀wé. Tósìn ra ọ̀pá funfun fún mi, ó sì fi ohùn sínú fóònù mi kó lè máa ka nǹkan síta fún mi. Orí rẹ̀ náà ni mo ń tẹ ọ̀rọ̀ yìí sí. Mo kọ́ bí a ṣe ń kán oògùn síra ẹni lójú. Ó ń ṣì lọ sórí ẹ̀rẹ̀kẹ́. Mo ń rìn lọ síṣẹ́, mò ń kọ́ni, mò ń padà sílé. Ó rẹ̀ mí, n kò ní purọ́. Àwọn ọjọ́ kan wà tí mo rò pé òótọ́ ni Bàbá ń sọ, tí àga iwájú ilé yẹn kò sì fi bẹ́ẹ̀ burú mọ́ lọ́kàn mi.

Ọ̀kan nínú irú ọjọ́ bẹ́ẹ̀ ló dé. Mo wà ní kíláàsì, máàpù wà lórí tábìlì, àwọn ọmọ yí i ká. Mo gbọ́ ìró ọ̀pá lójúde, lẹ́yìn náà mo gbọ́ gbà! lára òpó ilẹ̀kùn. Ọmọ kan rẹ́rìn-ín, ó dákẹ́ kíá.

"Ta nìyẹn?" ni mo béèrè.

Bùkọ́lá, ọmọbìnrin tó ń jókòó níwájú, ló sọ̀rọ̀. "Ẹ káàárọ̀ sà, Bàbá. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dárúkọ yín kí ẹ tó wọlé. Bí a ṣe ń ṣe níbí nìyẹn."

"Èmi! Kí n dárúkọ fún ta?" Bàbá Ọlọ́kọ̀ ni. "Ṣé ọmọ tí mo gbé pọ̀n ni n óò dárúkọ fún?"

"Ẹ má bínú, Bàbá. Ọ̀gá wa pàápàá ń dárúkọ."

Ó yẹ kí n sọ fún ọmọ náà pé kó jẹ́ kí bàbá wọlé. Mo la ẹnu láti sọ ọ́. Mo wá gbọ́ ìró yẹn padà nínú orí mi, gbà, bí èjìká ṣe máa ń dún lára igi.

"Bàbá," ni mo wí, "èjìká wo lẹ fi gbá ilẹ̀kùn?"

"Kí ló kàn ọ́ nínú èjìká mi?"

"Òsì ni, àbí?"

"Ilẹ̀kùn ìsinsìnyí, wọ́n ń ṣe é tóóró jù."

"Ṣé tilé yín náà ti tóóró?"

Mo ní kí Bùkọ́lá fún Bàbá ní àga tèmi, kó mú rúlà gígùn. Mo ṣàlàyé fún ọmọ náà bí yóò ṣe gbé e. Mo ní kí Bàbá máa wo imú ọmọ náà.

"Mo rí i," ó wí, nígbà tó gba apá ọ̀tún. "Ohun tí ẹ fẹ́ mọ̀ nìyẹn?"

"Ó ku apá òsì, Bàbá."

N kò rí ohunkóhun, mo kàn ń gbọ́ mímí àwọn ọmọ. Bùkọ́lá rọra wí fún mi pé, "Ó ti dé etí wọn, sà." Lẹ́yìn náà: "Ó ti dé ẹ̀gbẹ́ ojú wọn." Bàbá kò sọ̀rọ̀. "Ó ti dé iwájú, sà."

"Ìgbà wo lo fẹ́ bẹ̀rẹ̀?" ni Bàbá bi í.

Kò sí ọmọ tó rẹ́rìn-ín. Mo gbọ́ tí Bàbá gbá rúlà náà mú.

"Tún un ṣe," ó wí.

Ó tún un ṣe. Ó ní kó tún un ṣe lẹ́ẹ̀kan sí i. Nígbà tó tán, ó bi mí pé, "Ọjọ́ ìsìnkú yẹn, tí o kọjá lára mi. Apá ibo ni mo jókòó sí?"

"Apá òsì mi ni, Bàbá."

Kò sọ nǹkan mìíràn lórí rẹ̀, títí di òní. Ó dìde, ọ̀pá rẹ̀ dún dé ẹnu ọ̀nà, ó dúró níbẹ̀. Mo rò pé ó ti jáde. Lẹ́yìn náà ló sọ̀rọ̀, jẹ́jẹ́, bí ẹni tí orúkọ náà ṣàjèjì sí lẹ́nu:

"Sámúẹ́lì Adérìnọlá ni orúkọ mi. Mo fẹ́ wọlé."

"Ẹ wọlé, Bàbá," ni gbogbo kíláàsì wí. Ó jókòó sẹ́yìn títí aago fi lù. Ọkọ̀ tó gbé wá láti fi kó ẹrù mi ló gbé àwa méjèèjì lọ sí Ọ̀wọ̀ ní ọjọ́ tí dókítà ojú ń rí èèyàn.

Bí ọ̀rọ̀ ṣe rí nísinsìnyí nìyí. Ojú òsì mi kò rí nǹkan kan. Ti ọ̀tún mọ ọ̀sán yàtọ̀ sí òru, mo sì ń kán oògùn sí i síbẹ̀, nítorí pé ìyẹn náà kò kéré. Mo ṣì ń kọ́ni. Kòkòrò ti jẹ hóró ẹ̀wà tó jẹ́ Ìfọ̀n lórí máàpù wa, ó já bọ́. Mo fi bọ́tìnnì kan láti ara súwẹ́tà Fọlákẹ́ lẹ̀ ẹ́ padà. Kíláàsì rẹ̀ ti ní olùkọ́ mìíràn, wọ́n sì ti kó àwọn ọmọ náà kúrò lẹ́yìn. Ojú Bàbá kù púpọ̀ lápá ọ̀tún, dókítà ní bó bá ń lo oògùn rẹ̀, yóò fi í ríran títí. Ó ti kó ẹ̀gbọ́n mi àti àwọn ọmọ rẹ̀ lọ fún àyẹ̀wò, pẹ̀lú ariwo àti èébú. A jọ ń sún ìdí lórí bẹ́ǹṣì. Kò béèrè mọ́ pé ìgbà wo ni n óò kọ̀wé. Ó ń béèrè pé kí ni mo kọ́ àwọn ọmọ lọ́sẹ̀ yìí.

Ẹ lọ ṣe àyẹ̀wò. Bí ẹni yín kan bá kọjá láìkí yín, ẹ má tètè pe ìpàdé. Ẹ mú orógùn.

Lọ́jọ́ Sátidé, bí mo bá lọ sí Ìyẹ̀rè, mo máa ń bá Bàbá lójúde. Á gbọ́ ọ̀pá mi, á ké láti orí àga rẹ̀: "Èmi Sámúẹ́lì Adérìnọlá nìyí." N óò dúró. "Èmi Délé ni, Bàbá. Apá òsì yín ni mo wà." N óò gbọ́ bó ṣe ń yí àga náà kó lè kọjú sí mi. Ìgbà yẹn ni mo máa ń dọ̀bálẹ̀.